Ojú kejì ní ṣọ́ọ̀bù géèmù: Owó ń wọlé, àmọ́ kí ni wọ́n ń gbé kọjú sí títì?

Bí ọwọ́ ìrọ̀lẹ́ bá ti ń wọlé, táwọn ọmọ iléèwé ti bọ́ yúnífọ́ọ̀mù, táwọn oníṣẹ́ ọwọ́ náà ti ń palẹ̀ ẹrù wọn mọ́, ariwo kan wà tó máa ń sọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì láwọn àdúgbò kan ní Èkó, Ìbàdàn, Abẹ́òkúta àti Òṣogbo. "Góòòlù!" ni wọ́n á pa pọ̀ pariwo. Ẹni tí kò bá mọ̀ á rò pé Super Eagles ló ń gbá bọ́ọ̀lù lọ́wọ́. Kò sóhun tó jọ bẹ́ẹ̀ o. Àwọn ọmọkùnrin méjì ló jókòó sínú ṣọ́ọ̀bù géèmù, tí kálukú wọn di pádì mú, tí wọ́n ń figa gbága lórí bọ́ọ̀lù inú ẹ̀rọ.

Àwọn méjì yìí nìkan ló sanwó. Àmọ́ èèyàn mẹ́wàá, nígbà mìíràn kẹ̀ èèyàn ogún, ló dúró sẹ́nu ọ̀nà tí wọ́n ń wòran. Ohun tó jẹ́ kí wọ́n lè máa wò ó ni pé onísọ́ọ̀bù ti gbé tẹlifíṣọ̀n mìíràn kọ́ sókè ara ògiri, ó sì dojú ẹ̀ kọ ẹnu ọ̀nà. Ohun táwọn tó ń gbá géèmù ń rí níwájú wọn nísàlẹ̀, òun náà làwọn tó dúró níta ń rí lókè. Ohun tí wọ́n ń pè ní ojú kejì nìyẹn.

Nígbà tí owó epo bẹntiróòlù ti gbẹ́nu sókè, tówó iná náà kò rọlẹ̀, ìbéèrè tó yẹ kéèyàn kọ́kọ́ bi ara rẹ̀ ni pé kí ló dé tí oníṣọ́ọ̀bù á fi tan tẹlifíṣọ̀n kan gedegbe fáwọn èèyàn tí kò san kọ́bọ̀? Ìbéèrè kejì ló wá le jù: tí ojú kejì bá ti kọjú sí títì, tí tọmọdé tàgbà ń kọjá, ta ló ń pinnu ohun tí wọ́n á máa rí níbẹ̀?

Ìran wíwò kò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀

Ká sòótọ́, kò sóhun tuntun nínú kéèyàn máa wo ẹlòmíì tó ń ṣeré. Níbi tí wọ́n bá ti ń ta ayò lábẹ́ igi, èèyàn méjì ló ń ta á, àmọ́ àwọn òṣèfẹ̀ tó yí wọn ká ló ń jẹ́ kó dùn. Bákan náà lọ̀rọ̀ rí lónìí níbi tí wọ́n ti ń ta dírááfù. Táwọn èèyàn bá ń rọ́ lọ síbi tí wọ́n ti ń wo bọ́ọ̀lù Premier League lọ́jọ́ Sátidé, tí wọ́n ń sanwó kí wọ́n tó wọlé, kì í ṣe pé gbogbo wọn ni kò ní tẹlifíṣọ̀n nílé. Ariwo, ẹ̀fẹ̀ àti àríyànjiyàn ibẹ̀ ni wọ́n ń bá lọ.

Àwọn olówó ayé náà ti rí i pé ìran wíwò yìí lówó nínú. Lọ́dún 2011 ni wọ́n dá ìkànnì Twitch sílẹ̀, níbi táwọn èèyàn ti máa ń wo ẹlòmíì tó ń gbá géèmù. Nígbà tó máa fi di ọdún 2014, iléeṣẹ́ Amazon ti san owó tó lé ní 900 mílíọ̀nù dọ́là láti fi ra ìkànnì náà. Nígbà tí wọ́n ṣe ìdíje eré ìdárayá ilẹ̀ Éṣíà nílùú Hangzhou, lórílẹ̀-èdè Ṣáínà, lọ́dún 2023, géèmù orí ẹ̀rọ wà lára eré tí wọ́n gba àmì ẹ̀yẹ góòlù lé lórí, bọ́ọ̀lù orí ẹ̀rọ sì wà lára wọn. Nírú ìdíje bẹ́ẹ̀, ojú ẹ̀rọ ńlá tí wọ́n gbé kọ́ sókè làwọn òǹwòran ń wò, wọn kì í wo kọ̀ǹpútà kékeré tó wà níwájú àwọn tó ń díje.

Ìyẹn ni pé ohun tí oníṣọ́ọ̀bù kékeré ní Mushin tàbí Bẹẹrẹ ń ṣe pẹ̀lú tẹlifíṣọ̀n tòkunbọ̀ kan, òun náà làwọn iléeṣẹ́ ńlá ń fi ọ̀pọ̀ mílíọ̀nù dọ́là ṣe. Owó àti agbára ló yàtọ̀, ọgbọ́n ibẹ̀ kò yàtọ̀.

Èrè wo ló wà níbẹ̀ fún oníṣọ́ọ̀bù?

Ọ̀pọ̀ ṣọ́ọ̀bù géèmù ló jẹ́ pé iye bọ́ọ̀lù téèyàn bá gbá tàbí iye ìṣẹ́jú tó bá lò ni wọ́n fi ń gbowó. Èèyàn méjì ló sábà máa ń lo ẹ̀rọ kan lẹ́ẹ̀kan náà lórí bọ́ọ̀lù. Ẹni tó bá dé nígbà táwọn kan wà lórí ẹ̀ gbọ́dọ̀ dúró. Tí kò bá sóhun tó ń wò, á yíjú padà, á sì bá ẹsẹ̀ ẹ̀ sọ̀rọ̀. Tó bá ń rí ìran wò, á dúró, á ra omi tútù tàbí míníráàsì, á máa fi ẹni tó ń pàdánù ṣe yẹ̀yẹ́, títí tó máa fi kan òun náà.

Yẹ̀yẹ́ yìí gan-an ló ń mówó wá. Ẹni tí wọ́n bá nà ní góòlù mẹ́rin sí òdo lójú gbogbo èèyàn kì í fẹ́ lọ sílé bẹ́ẹ̀. Á ní kí wọ́n tún un gbá. Tó bá jẹ́ pé inú kọ̀rọ̀ ni wọ́n ti nà án ni, ó ṣeé ṣe kó rọra dìde kó máa lọ.

Èló wá ni ojú kejì ń jẹ lórí iná? Ibi tọ́rọ̀ ti ya ọ̀pọ̀ èèyàn lẹ́nu nìyí. Tẹlifíṣọ̀n LED kékeré, irú èyí tó jẹ́ 32 ínṣì, kì í sábà jẹ ju nǹkan bíi 60 wáàtì lọ. Tí wọ́n bá tàn án fún wákàtí 10 lójúmọ́, 0.6 yúníìtì nìyẹn. Nínú oṣù kẹrin ọdún 2024 ni àjọ NERC tó ń mójú tó ọ̀rọ̀ iná mànàmáná gbé owó iná àwọn tó wà ní Band A, ìyẹn àwọn tí wọ́n ṣèlérí iná ó kéré tán wákàtí 20 lójúmọ́ fún, láti nǹkan bíi náírà 68 lọ sí náírà 225 lórí yúníìtì kan. Wọ́n dín in kù díẹ̀ lóṣù karùn-ún, nígbà tó sì di oṣù keje ọdún náà, ó di náírà 209.50. Téèyàn bá fi iye yìí ṣírò ẹ̀, tẹlifíṣọ̀n kejì yìí kò ní jẹ ju nǹkan bíi náírà 126 lọ lójúmọ́. Láàrin ọgbọ̀n ọjọ́, owó ẹ̀ kò tó náírà 4,000.

Ẹ̀rọ tó ń gbé géèmù náà jáde ló ń jẹun gidi. PS5 lè máa jẹ nǹkan bíi 200 wáàtì tí géèmù tó wúwo bá ń lọ lórí ẹ̀. Kọ̀ǹpútà orí tábìlì tó ní káàdì àwòrán tó lágbára lè jẹ 300 wáàtì tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ìyẹn túmọ̀ sí pé iná tí kọ̀ǹpútà kan bá jẹ lè tó èyí tí tẹlifíṣọ̀n márùn-ún máa jẹ.

Àmọ́ gbogbo ìṣirò yìí, ìgbà tí NEPA bá mú iná wá nìkan ló wúlò. Ṣáájú ìparí oṣù karùn-ún ọdún 2023, kí Ààrẹ Bọ́lá Tinúbú tó kéde pé owó ìrànwọ́ orí epo ti lọ, lítà bẹntiróòlù kan kò tó náírà 200. Nígbà tó fi di oṣù kẹwàá ọdún 2024, ó ti wọ nǹkan bíi náírà 1,000 ní Èkó, ó sì ju bẹ́ẹ̀ lọ láwọn ibòmíì. Oníṣọ́ọ̀bù tí jẹnẹrétọ̀ kékeré rẹ̀ bá mu lítà mẹ́rin lálẹ́ ọjọ́ kan, tó jẹ́ pé owó tí kò tó 800 náírà ló fi ń ra á tẹ́lẹ̀, ti ń náwó tó tó 4,000 náírà lórí ẹ̀. Ẹ jẹ́ ká tún un sọ kó yé ara wa: owó epo alẹ́ ọjọ́ kan ṣoṣo ju owó iná NEPA tí ojú kejì máa jẹ fún odidi oṣù kan lọ.

Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé oníṣọ́ọ̀bù tó bá fẹ́ dín ìnáwó kù, tó sáré lọ pa tẹlifíṣọ̀n kejì, ibi tí bàtà kò ti ta á lẹ́sẹ̀ ló ń wò. Jẹnẹrétọ̀ ni olórí ìṣòro. Àwọn tó ti rí owó kó jọ láti ra bátìrì, ẹ̀rọ inverter àti páálí sọ́là ló ń rímú mí díẹ̀. Àǹfààní mìíràn tó wà níbẹ̀ ni pé iná kì í ṣẹ́jú. Tí iná bá lọ nígbà tí bọ́ọ̀lù wà ní ìṣẹ́jú 85, tẹ́nì kan ti ń borí, ìjà lè dé torí ta ló máa san owó tí wọ́n bá tún un gbá.

Bí wọ́n ṣe ń so ó pọ̀, àti àṣìṣe tó ń fa wàhálà

Ẹ̀rọ PlayStation 4 àti 5 kò ní ju ihò HDMI kan lọ tí àwòrán ń gbà jáde. Ẹni tó bá fẹ́ kó máa hàn lójú ẹ̀rọ méjì gbọ́dọ̀ ra àpótí kékeré kan táwọn ọmọ Computer Village ń pè ní splitter. Òun ló máa ń pín àwòrán kan náà sí méjì. Tí ọ̀kan nínú tẹlifíṣọ̀n méjèèjì bá ti gbó, tí àwòrán ẹ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ mọ́, ó lè fa ìkejì sẹ́yìn, torí pé ohun tí apá méjèèjì bá lè gbé ni ẹ̀rọ sábà máa ń mú.

Ti kọ̀ǹpútà yàtọ̀. Lórí Windows, téèyàn bá di bọ́tìnnì Windows mú, tó tẹ P, ọ̀nà mẹ́rin ló máa yọ jáde. "Duplicate" ni èyí tó ń fi ohun kan náà hàn lójú méjèèjì. "Extend" ló ń sọ ojú méjèèjì di ọ̀kan tó fẹ̀, tó fi jẹ́ pé ohun tó wà lápá ọ̀tún lè yàtọ̀ sí ti òsì. Àwọn méjì tó kù ń pa ojú kan, wọ́n sì ń tan ìkejì.

"Duplicate" ni ọ̀pọ̀ oníṣọ́ọ̀bù ń lò torí pé òun ló rọrùn jù. Ibẹ̀ gan-an ni ewu ti ń wọlé. Nígbà tí géèmù bá parí, tí oníṣọ́ọ̀bù ní kóun yára wo WhatsApp òun lórí kọ̀ǹpútà, tàbí kóun fowó ránṣẹ́ sẹ́nì kan ní báǹkì, gbogbo èèyàn tó dúró níta ló ń kà á pẹ̀lú ẹ̀. Orúkọ, nọ́ńbà àkáǹtì, iye owó tó kù sí i, ohun tí ìyàwó ẹ̀ kọ ránṣẹ́, gbogbo ẹ̀ ló wà lójú ògiri gbangba. Lásìkò táwọn oníjìbìtì ń wá ìsọfúnni kékeré tí wọ́n á fi lu èèyàn, kò yẹ kó rí bẹ́ẹ̀ rárá. Ẹni tó bá mọ̀ pé òun máa ń lo kọ̀ǹpútà náà fún nǹkan mìíràn, "Extend" ló yẹ kó lò, kó gbé géèmù sójú tó kọjú síta, kó sì fi ojú tó kọjú sí òun nìkan ṣe àṣírí ẹ̀.

Àmọ́ "Extend" náà ní wàhálà tiẹ̀. Géèmù tó bá gba gbogbo ojú ẹ̀rọ sábà máa ń ṣí sórí ojú tí kọ̀ǹpútà bá kà sí àkọ́kọ́. Ẹni tó bá fẹ́ kó ṣí sí ìkejì lè lọ síbi ètò ojú ẹ̀rọ nínú Windows, kó sọ ìkejì yẹn di àkọ́kọ́, tàbí kó wò ó nínú ètò géèmù náà fúnra ẹ̀, torí àwọn kan máa ń jẹ́ kéèyàn yan ojú tó wù ú. Tí géèmù bá wà nínú fèrèsé tí kò gba gbogbo ojú, bọ́tìnnì Windows àti Shift téèyàn bá dì mú pọ̀, tó wá tẹ ọfà ọ̀tún tàbí òsì, máa gbé e kọjá lọ sójú kejì. Máòsì náà lè yọ́ kọjá láìròtẹ́lẹ̀. Ẹni tó ń yìnbọn nínú géèmù kàn máa rí i pé òun ti tẹ nǹkan mìíràn lójú kejì, géèmù á sì pòórá mọ́ ọn lójú.

Ohun kan tún wà tó máa ń dájà sílẹ̀ tí ọ̀pọ̀ kò mọ ìdí ẹ̀. Tẹlifíṣọ̀n kì í yára bíi mọ̀nítọ̀ kọ̀ǹpútà. Kó tó gbé àwòrán jáde, ó máa ń tún un ṣe kó lè dùn ún wò, ìyẹn sì máa ń fi ìwọ̀nba àkókò díẹ̀ ṣòfò. Òǹwòran kò ní mọ̀ ọ́n. Àmọ́ tí ọ̀kan nínú àwọn tó ń gbá bọ́ọ̀lù bá ń wo mọ̀nítọ̀ nísàlẹ̀, tí ìkejì ń wo tẹlifíṣọ̀n lókè, ẹni tó ń wo tẹlifíṣọ̀n á máa pẹ́ kó tó rí bọ́ọ̀lù. Tó bá pàdánù, á ní wọ́n ti ṣe ojúsàájú sóun. Kò purọ́. Òótọ́ ibẹ̀ ni pé ojú kan náà ló yẹ káwọn méjèèjì jọ máa wò, kí wọ́n fi ojú kejì sílẹ̀ fáwọn òǹwòran. Ọ̀pọ̀ tẹlifíṣọ̀n ìgbàlódé tún ní ètò kan tí wọ́n ń pè ní "Game Mode" tó máa ń dín ìfàsẹ́yìn náà kù.

Níbo ni tẹlifíṣọ̀n kejì ti ń wá?

Ìwọ̀nba oníṣọ́ọ̀bù ló lè ra tẹlifíṣọ̀n tuntun fún ìran lásán. Tòkunbọ̀ ni wọ́n ń rà, ní Alábà, ní Ìkẹjà, tàbí lọ́wọ́ àwọn tó ń kó ẹrù wá láti ìlú òyìnbó. Ìyẹn kò burú tó bá jẹ́ èyí tó ń ṣiṣẹ́. Àmọ́ ìwádìí tí Yunifásítì Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé àti ibùdó Àdéhùn Basel tó wà ní Yunifásítì Ìbàdàn jọ ṣe ní èbúté Èkó lọ́dún 2015 àti 2016 fi hàn pé nǹkan bíi 60,000 tọ́ọ̀nù ẹ̀rọ tòkunbọ̀ ló ń wọ Nàìjíríà lọ́dún kan, tí nǹkan bíi ìdá kan nínú márùn-ún ẹ̀ kò sì ṣiṣẹ́. Pàǹtírí ni wọ́n kó wá, tí wọ́n pè é lọ́jà.

Láti ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 2025, àtúnṣe tí wọ́n ṣe sí Àdéhùn Basel ti sọ ọ́ di dandan pé orílẹ̀-èdè tó bá fẹ́ kó pàǹtírí ẹ̀rọ èyíkéyìí lọ sórílẹ̀-èdè mìíràn gbọ́dọ̀ gbàṣẹ lọ́wọ́ ìyẹn kó tó kó o. Lórí ìwé, ó dára. Àmọ́ ẹni tó ń ra tẹlifíṣọ̀n kan ṣoṣo lọ́jà, ojú ara ẹ̀ ló máa fi ṣọ́ ara ẹ̀. Kó má ṣe gba pé wọ́n kàn tàn án fún ìṣẹ́jú kan. Kó jẹ́ kó wà lórí iná fún bí ìdajì wákàtí, kí wọ́n fi àwọ̀ funfun àti dúdú kún ojú ẹ̀ láti mọ̀ bóyá ìlà tàbí àmì kan wà níbẹ̀, kó sì ki wáyà bọ gbogbo ihò HDMI ẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Kó tún ka iye wáàtì tí wọ́n kọ sẹ́yìn ẹ̀.

Àwọn tẹlifíṣọ̀n pẹlẹbẹ àtijọ́ tí kì í ṣe LED máa ń ní gílóòbù tín-ín-rín nínú, èròjà mákúrì tó léwu fún ara sì wà nínú ẹ̀. Tó bá bàjẹ́, kò yẹ kéèyàn fọ́ ọ tàbí kó dáná sun ún lẹ́yìnkùlé, pàápàá níbi táwọn ọmọdé ti ń ṣeré.

Ohun tó kọjú sí títì

Gbogbo ohun tí wọ́n ti ń sọ bọ̀ látòkè, ọ̀rọ̀ owó àti ẹ̀rọ ni. Èyí tó kù ló gba àròjinlẹ̀ jù. Tí géèmù bá wà nínú yàrá, àárín ẹni tó ń gbá a àti òbí ẹ̀ lọ̀rọ̀ ọ̀hún wà. Tí wọ́n bá ti gbé e kọjú síta, ó ti di ti gbogbo àdúgbò. Ọmọ ọdún márùn-ún tí ìyá ẹ̀ rán lọ ra maggi á dúró wò ó.

Géèmù kò rí bákan náà. Bọ́ọ̀lù EA Sports FC, tí ọ̀pọ̀ èèyàn ṣì ń pè ní FIFA bó tilẹ̀ jẹ́ pé orúkọ ẹ̀ ti yí padà lọ́dún 2023, àti eFootball tó jẹ́ PES tẹ́lẹ̀, kò sí ohun tó burú nínú ìran wọn fún ọmọdé. Àjọ PEGI tó ń fi ọjọ́ orí sára géèmù nílẹ̀ Yúróòpù kọ 3 sára wọn, ìyẹn ni pé ọmọ ọdún mẹ́ta lè wò ó. Àmọ́ Grand Theft Auto V, níbi tí wọ́n ti ń jalè ọkọ̀, tí wọ́n ń pààyàn, tí ọ̀rọ̀ rírùn àti ìṣekúṣe sì wà, 18 ni wọ́n kọ sára ẹ̀. 18 náà ni Mortal Kombat 11, níbi tí wọ́n ti ń ya ara èèyàn sí wẹ́wẹ́. Nọ́ńbà yìí wà lára páálí géèmù náà, níwájú níbẹ̀, níbi tí ẹnikẹ́ni ti lè kà á.

Nítorí náà, oníṣọ́ọ̀bù tó bá gbé irú géèmù bẹ́ẹ̀ sójú kejì ní aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ kò lè sọ pé òun kò mọ̀. Ohun tí kò ní gbà kí wọ́n fi han ọmọ tiẹ̀, kó má ṣe fi han ọmọ ọlọ́mọ. Kì í ṣe pé kó má tà á fún àgbàlagbà tó bá fẹ́ ẹ o. Ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ ló máa gbà á láti tẹ bọ́tìnnì kan, kó pa ojú tó kọjú síta títí tí wọ́n á fi ṣe tán.

Ọ̀rọ̀ tẹ́tẹ́ tún wà níbẹ̀. Níbi tí òǹwòran bá ti pọ̀, ẹnì kan á ní, "Èmi dúró lẹ́yìn ẹni tó wọ pupa, ẹgbẹ̀rún kan." Ẹlòmíì á ní òun gbà. Ká tó wí ká tó fọ̀, ọmọ tí wọ́n fún lówó oúnjẹ ti fi ta tẹ́tẹ́. Lọ́jọ́ kejìlélógún oṣù kọkànlá ọdún 2024, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Nàìjíríà dájọ́ nínú ẹjọ́ tí ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó ti pè látọdún 2008. Wọ́n ní ọwọ́ ìjọba ìpínlẹ̀ ni àṣẹ lórí lọ́tìrì àti tẹ́tẹ́ wà, pé òfin lọ́tìrì ìjọba àpapọ̀ tọdún 2005 kò lè ṣiṣẹ́ mọ́ láwọn ìpínlẹ̀. Ìtumọ̀ ẹ̀ ni pé tí tẹ́tẹ́ bá ń gbilẹ̀ láàárín àwọn ọmọdé lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù géèmù, àwọn ìjọba ìpínlẹ̀ kò lè naka sí Abùjá mọ́. Ọwọ́ wọn ni ọ̀bẹ wà, ọwọ́ wọn náà niṣu wà.

Ṣé àìsàn ni géèmù ni?

Àwọn òbí kan gbà pé ọmọ tó bá ti ń yà sí ṣọ́ọ̀bù géèmù ti bàjẹ́ nìyẹn. Kò rí bẹ́ẹ̀. Lóòótọ́, lóṣù karùn-ún ọdún 2019, àjọ ìlera àgbáyé WHO fọwọ́ sí i pé àìsàn tó jẹ mọ́ géèmù wà lára àìsàn tí dókítà lè yẹ èèyàn wò fún, ètò náà sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ lọ́dún 2022. Àmọ́ wọ́n là á lẹ́sẹẹsẹ. Ẹni tí kò lè kó ara ẹ̀ níjàánu mọ́, tó fi géèmù ṣáájú gbogbo nǹkan mìíràn, tí kò jáwọ́ bó tilẹ̀ ń rí ìpalára tó ń ṣe fún un, tó sì ti ba ẹ̀kọ́, iṣẹ́ tàbí àárín òun àti ẹbí ẹ̀ jẹ́, wọ́n sábà máa ń wò ó fún ó kéré tán oṣù 12 kí wọ́n tó pe ìyẹn ní àìsàn. Ọmọ tó gbá bọ́ọ̀lù méjì lẹ́yìn iléèwé kò sí lára wọn.

Ibí yìí ni ojú kejì ti lè wúlò fún òbí ju bí wọ́n ṣe rò lọ. Ọmọ tó bá ti ara fóònù mọ́ abẹ́ aṣọ ìbora láago kan òru, kò sẹ́ni tó mọ ohun tó ń wò àti ẹni tó ń bá sọ̀rọ̀. Èyí tó wà ní ṣọ́ọ̀bù, ìyá tó ń ti ọjà bọ̀ lè dúró ní ìṣẹ́jú kan kó wo òkè. Á rí irú géèmù tí wọ́n ń gbá. Á rí àwọn tó yí ọmọ ẹ̀ ká. Á gbọ́ irú ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń sọ. Èyí tó bá ń lé oníṣọ́ọ̀bù pé kó gbé tẹlifíṣọ̀n ẹ̀ wọlé, kó ti ilẹ̀kùn, ó lè jẹ́ pé ńṣe ló ń ran ohun tó ń sá fún lọ́wọ́ láti fara pamọ́.

Kí ló yẹ ní ṣíṣe?

Kò dìgbà tí wọ́n bá ṣe òfin tuntun. Oníṣọ́ọ̀bù lè kọ ọ́ sára ògiri pé ọmọ iléèwé kò gbọ́dọ̀ wọlé lásìkò ẹ̀kọ́, pé tẹ́tẹ́ kò sí níbí, pé géèmù tí wọ́n kọ 18 sí kò gbọ́dọ̀ hàn lójú tó kọjú sí títì. Kó má kàn kọ ọ́ lásán, kó máa tẹ̀ lé e. Ó tún yẹ kó wo ibi tí ohùn ń gbà jáde. Wáyà HDMI máa ń gbé ohùn àti àwòrán pọ̀ ni, tó fi jẹ́ pé tẹlifíṣọ̀n tó wà níta lè máa pariwo tí òun kò fi bẹ́ẹ̀ gbọ́ ọ nínú. Ariwo ni ẹ̀sùn tí aládùúgbò sábà máa ń kọ́kọ́ mú wá, ní Èkó, àjọ LASEPA sì lè tìtorí ẹ̀ wá ti ṣọ́ọ̀bù pa. Kó pa ohùn tìta, kó jẹ́ kí ojú nìkan máa sọ̀rọ̀.

Àwọn alága ẹgbẹ́ onílé àti àwọn báálẹ̀ àdúgbò náà lè pe àwọn oníṣọ́ọ̀bù jókòó kí wọ́n jọ fẹnu kò lórí aago tí wọ́n á máa pa á. Àwọn òbí ní tiwọn, kí wọ́n máa yà síbẹ̀. Kí wọ́n mọ orúkọ oníṣọ́ọ̀bù, kí òun náà mọ̀ wọ́n. Oníṣọ́ọ̀bù tó bá mọ ìyá ọmọ ni yóò lè sọ fún ọmọ pé, "Ó tó gẹ́ẹ́, máa lọ sílé, màmá ẹ ń retí ẹ."

Iṣẹ́ kò pọ̀ nílùú, ó sì ń gba ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ ní ìnira kí wọ́n tó rí owó ṣọ́ọ̀bù, ẹ̀rọ àti epo kó jọ. Kò sẹ́ni tó yẹ kó fi ìbínú tú u ká mọ́ wọn lórí. Àmọ́ ẹni tó bá gbé ojú kejì síta ti pe gbogbo àdúgbò wá wòran. Àwọn àgbà ní ẹni tó pe èèyàn wá síbi àsè ló yẹ kó mọ ohun tó wà nínú ìkòkò.